Kí Arsenal sọ ohun tí Özil ṣe

Ní oṣù Kẹwàá ọdún 2020, ìwé orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù tí Arsenal lè lò jáde, orúkọ Mesut Özil, ọmọ Jámánì tó ń gbá bọ́ọ̀lù fún wọn, kò sí níbẹ̀. Kò sí nínú ti Europa League tó kọ́kọ́ jáde, kò sì sí nínú ti Premier League tó tẹ̀ lé e. Ó di oṣù Kìíní ọdún 2021 kí wọ́n tó lè kọ orúkọ tuntun. Títí dìgbà náà, ọkùnrin tí wọ́n ń san 350,000 pọ́n-ùn fún lọ́sẹ̀ kò ní iṣẹ́ mìíràn ju kó wá ṣe ìdánrawò, kó wẹ̀, kó máa lọ sílé. Mikel Arteta, akọ́nimọ̀ọ́gbá wọn, ní ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù lásán ni. Àwọn ọ̀gá rẹ̀ fara pa mọ́ sẹ́yìn rẹ̀.

A gbọ́. Akọ́nimọ̀ọ́gbá ló ni ẹ̀tọ́ láti yan ẹni tó wù ú, a ò sì ní bá a du ú. Òfin Premier League kò gbà ju agbábọ́ọ̀lù 17 tí wọn kò tọ́ dàgbà ní ilẹ̀ wọn lọ, ti Arsenal sì ti kọjá bẹ́ẹ̀, pàápàá nígbà tí wọ́n tún ra Thomas Partey kún un níbẹ̀rẹ̀ oṣù Kẹwàá náà. Ó di dandan kí ẹnì kan yẹra. Sokratis, agbábọ́ọ̀lù ẹ̀yìn wọn, náà fara gbá nínú rẹ̀. Láìsí Özil lórí pápá ni wọ́n ṣe gba ife ẹ̀yẹ FA mọ́ Chelsea lọ́wọ́ ní oṣù Kẹjọ. Özil pàápàá kì í ṣe áńgẹ́lì: ọjọ́ mìíràn wà tó máa ń rìn kiri lórí pápá bí ẹni tó ń wá owó tó jábọ́. Àwa náà ti bú u rí nítorí ẹ̀.

Ṣùgbọ́n Arteta yìí kan náà kò fi í sílẹ̀ nígbà tó kọ́kọ́ dé ní oṣù Kejìlá ọdún 2019. Títí di ọjọ́ keje oṣù Kẹta ọdún 2020, lọ́jọ́ tí Arsenal na West Ham ní góòlù kan sí òdo, Özil wà lórí pápá. Òun ló fi orí ti bọ́ọ̀lù tí Lacazette gbá wọlé. Àrùn Kòrónà dé, wọ́n ti pápá pa. Ìgbà tí wọ́n ṣí i, a ò rí Özil mọ́. Kí ló ṣẹlẹ̀ láàárín?

Èyí tó hàn sí gbogbo ayé ni pé ní oṣù Kẹrin, wọ́n ní kí àwọn agbábọ́ọ̀lù yọ̀ǹda ìdá 12.5 nínú ọgọ́rùn-ún owó wọn. Özil ní kí wọ́n kọ́kọ́ ṣàlàyé ohun tí wọ́n fẹ́ fi owó náà ṣe, kò sì fọwọ́ sí i. Oṣù Kẹjọ ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé ni ilé iṣẹ́ yìí kéde pé òṣìṣẹ́ 55 ló máa pàdánù iṣẹ́. Ṣé ìbéèrè rẹ̀ wá burú? Nígbà tí wọ́n tún kan ẹni tó ń wọ aṣọ Gunnersaurus, ẹranko tí ẹgbẹ́ náà fi ń dá àwọn olólùfẹ́ wọn lára yá, lára, Özil tí wọ́n ń pè ní ahun ló jáde pé òun á máa san owó rẹ̀.

Ó ku èyí tí wọn kì í fẹ́ dárúkọ. Ní oṣù Kejìlá ọdún 2019, Özil kọ̀wé síta nípa àwọn Uyghur, àwọn Mùsùlùmí tí ìjọba Ṣáínà ń kó sí àgọ́ ní Xinjiang, ó sì bá àwọn Mùsùlùmí yòókù wí pé wọ́n dákẹ́. Ilẹ̀ ọjọ́ kejì ò tíì ṣú tí Arsenal ti sáré lọ sórí Weibo, ìkànnì àwọn ará Ṣáínà, láti sọ pé èrò tirẹ̀ nìyẹn, pé ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù ni àwọn, àwọn kì í dá sí òṣèlú. Tẹlifíṣọ̀n ìjọba Ṣáínà kò tìtorí ẹ̀bẹ̀ yẹn fi ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ wọn pẹ̀lú Manchester City hàn. Ẹ̀bẹ̀ já sí asán, ìtìjú ló kù.

A ò sọ pé torí Ṣáínà ni wọ́n fi yọ orúkọ rẹ̀. A ò ní ẹ̀rí. Ẹni tó bá sì ti sẹ́ ọmọ rẹ̀ lójú ọjà lẹ́ẹ̀kan kò gbọdọ̀ bínú bí a bá ń bi í léèrè.

Wọn kì í dá sí òṣèlú! Ìjọba wo ló sanwó kí orúkọ Rùwáńdà lè wà lápá jẹ́ẹ̀sì wọn láti ọdún 2018? Ìjọba wo ló ni iléeṣẹ́ ọkọ̀ òfurufú tí wọ́n fi orúkọ rẹ̀ pe pápá wọn? Ní oṣù Kẹfà, wọ́n kọ Black Lives Matter sẹ́yìn jẹ́ẹ̀sì, wọ́n sì kúnlẹ̀. A yìn wọ́n fún un, a ò sì kó ọ̀rọ̀ wa jẹ.

Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun tí orúkọ Özil di àwátì yìí gan-an ni àwọn ọmọ ogun yìnbọn fún àwọn ọ̀dọ́ wa ní Lekki. Nígbà tílẹ̀ mọ́, Arsenal ránṣẹ́ sí àwọn olólùfẹ́ wọn ní Nàìjíríà pé àwọn ń rí wa, àwọn ń gbọ́ wa. Ẹ ṣeun. Ṣùgbọ́n bí a ṣe ń sunkún la ṣe ń ríran. Özil ti fi ẹnu tirẹ̀ bá wa ké lórí SARS kí ìbọn ó tó dún. Bí ẹ̀jẹ̀ ọmọ Nàìjíríà kì í bá ṣe òṣèlú lójú Arsenal, kí ló sọ ti Uyghur di òṣèlú? Ìdáhùn tí ẹ máa gbọ́ ní ilé ìwòran bọ́ọ̀lù èyíkéyìí ní Ìbàdàn ni pé Nàìjíríà ò lè pa tẹlifíṣọ̀n mọ́ wọn lójú. Ó sì wá jẹ́ pé àdéhùn Premier League àti PPTV, iléeṣẹ́ tó ń fi bọ́ọ̀lù wọn hàn ní Ṣáínà, tilẹ̀ ti tú ká ní oṣù Kẹsàn-án nítorí owó tí PPTV ò san.

Ohun tí a ń sọ láti ọdún 2018 la tún ń sọ yìí. Nígbà náà, àjọ bọ́ọ̀lù Jámánì ló wà nídìí ẹ̀. A sọ pé fọ́tò tí Özil yà pẹ̀lú Erdoğan, ààrẹ Tọ́kì, kò bójú mu, a ò sì yí ọ̀rọ̀ wa padà nígbà tí Erdoğan di alátìlẹ́yìn ọkọ ìyàwó níbi ìgbéyàwó rẹ̀. Àmọ́ nígbà tí Mexico àti South Korea na Jámánì níbi ife ẹ̀yẹ àgbáyé ọdún 2018 ní Rọ́ṣíà, ṣé Özil nìkan ló gbá bọ́ọ̀lù ni? Ọmọ tí wọ́n bí sí Gelsenkirchen, tó gbá bọ́ọ̀lù fún orílẹ̀-èdè yẹn nígbà 92, tó bá wọn gba ife ẹ̀yẹ àgbáyé ní 2014, ló ní láti kọ ọ́ síta pé tí àwọn bá borí, ọmọ Jámánì lòun, tí àwọn bá pàdánù, àjèjì lòun. Reinhard Grindel, ààrẹ àjọ náà, ló ń bi í nípa ìwà. Kò pé ọdún kan tí aago olówó ńlá tí Grindel gbà lọ́wọ́ ọlọ́rọ̀ ará Ukraine fi lé òun náà kúrò lórí àga.

Àwọn ọ̀gá Arsenal náà ò yàtọ̀. Alexis Sánchez ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ sí Manchester United ní oṣù Kìíní ọdún 2018, ẹ̀rù bà wọ́n pé Özil náà á lọ, wọ́n bá kọ àdéhùn ńlá fún un. Ivan Gazidis, ọ̀gá àgbà Arsenal tó wà nídìí rẹ̀, ti gba Milan lọ. Nígbà tó di oṣù Kẹwàá ọdún 2020, àdéhùn tí wọ́n fi ọwọ́ ara wọn kọ ti di ẹ̀ṣẹ̀ ẹni tí wọ́n kọ ọ́ fún. Láti ọ̀sẹ̀ tí wọ́n yọ orúkọ rẹ̀ títí di òpin oṣù Kẹfà ọdún 2021 tó yẹ kí àdéhùn náà parí, owó tó yẹ kí wọ́n san fún un lórí ìjókòó lásán lé ní mílíọ̀nù 12 pọ́n-ùn, látọ̀dọ̀ àwọn tí wọ́n ní àwọn ò rówó san fún òṣìṣẹ́ 55.

Vinai Venkatesham ni ọ̀gá àgbà ibẹ̀ ní ọdún 2020 yẹn. Òun ló yẹ kó jáde sọ̀rọ̀, kì í ṣe Arteta. Bó bá jẹ́ torí owó oṣù Kẹrin ni, kó sọ bẹ́ẹ̀. Bó bá jẹ́ pé ẹsẹ̀ Özil ti kú, kí wọ́n jókòó sí ojútáyé, kí wọ́n san gbèsè àdéhùn, kí wọ́n jẹ́ kó lọ síbi tí wọ́n ti fẹ́ ẹ. Bó bá sì jẹ́ pé òfin àìdásí-òṣèlú ti inú Weibo ṣì wà, kó kà á sétí wa ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, kó sì sọ bóyá ó kan àwa náà tí wọ́n ń rí, tí wọ́n ń gbọ́. Arteta kọ́ ló kọ àdéhùn Özil, kì í sì í ṣe òun ló kọ ọ̀rọ̀ sórí Weibo. Lọ́sẹ̀ tí wọ́n kọ ọ́, orí àga igbákejì akọ́nimọ̀ọ́gbá Manchester City ló jókòó sí.