Má gé ibi tí Màmá ti dákẹ́

Ìròyìn ọmọ Ẹ̀pẹ́ tó ń fi owó ara rẹ̀ ṣe fíìmù lórí ohun tí ìyá ìyá rẹ̀ rántí yìí pa mí lẹ́kún. Ọjà ẹja Olúwo ni ìyá tèmi ti ń tajà. Bí wọ́n bá ti ń ha ẹja lọ́wọ́ ni ìtàn máa ń jáde: bí Kòsọ́kọ́, ọba Èkó, ṣe sá kúrò l'Ékòó ní 1851 tó wá tẹ̀dó sọ́dọ̀ wa, èyí tí à ń fi ọdún Káyọ̀káyọ̀ rántí. Ìyá mi lọ kí n tó gba ohùn wọn sílẹ̀. Fọ́tò mẹ́ta ló kù.

Àbúrò mi tó ń ṣe fíìmù yìí, mo bẹ̀ ọ́, má gé ibi tí Màmá, ìyá ìyá rẹ, ti dákẹ́ tí wọ́n ń wá orúkọ ẹnìkan. Ibẹ̀ gan-an ni ìtàn wà! Má sì jẹ́ kí orin bo ohùn wọn. Bí ará ilé mìíràn bá ní bẹ́ẹ̀ kọ́ ló ṣẹlẹ̀, gba tirẹ̀ náà sílẹ̀. Èkó-Ẹ̀pẹ́ àti Ìjẹ̀bú-Ẹ̀pẹ́, ìhà méjèèjì Ẹ̀pẹ́, ló ni ìlú.

Tó bá parí, jọ̀ọ́, Ẹ̀pẹ́ ni kó o ti kọ́kọ́ fi hàn. Màá kó àwọn ọmọ mi wá.