Sáìdì Lásán

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ bá mi bi àwọn ará Amẹ́ríkà: oúnjẹ tó gba odindi ọ̀sán lọ́wọ́ mi, kí ló sọ ọ́ di "sáìdì", oúnjẹ ẹ̀gbẹ́ tí wọ́n kàn fi ń ti oúnjẹ gidi lẹ́yìn?

Ìyá òyìnbó kan níbi iṣẹ́ mi ló pè wá wá bá òun ṣe Thanksgiving, àjọ̀dún ìdúpẹ́ wọn, ní Ọjọ́bọ̀ kẹrin oṣù Kọkànlá. Mo béèrè ohun tí mo lè gbé dání. Ó ní, "Gbé sáìdì kan wá. Má yọ ara rẹ lẹ́nu." Ẹ̀ẹ̀mejì ló sọ ọ́.

Ọmọ mi obìnrin, tí mo bí síbí, ló ní ká se acorn squash. Mo ní, "Ṣé elégédé yìí náà ni?" Ó yínmú sí mi. "Mọ́mì, winter squash ni." Ṣé ìgbà òtútù ló ń hù ni? Rárá o. Inú oòrùn ló ń dàgbà, wọ́n á kórè rẹ̀ kí yìnyín tó dé, èèpo rẹ̀ sì yi débi pé ó lè wà nílẹ̀ wọnú òtútù láìbàjẹ́. Ó dáa bẹ́ẹ̀. Èmi náà inú oòrùn ni mo ti wá, ọdún 11 rèé nínú òtútù yìí, n kò tíì bàjẹ́, kò sẹ́ni tó fi winter kún orúkọ mi.

Kò tóbi rárá. Ó dúdú bí ẹ̀fọ́, ó sì ní ìlà gbọọrọ lára bí ẹni tó kọ gọ̀ǹbọ́. Mo gbé ọ̀bẹ lé e, ọ̀bẹ yọ̀. Mo tún gbé e lé e, ó wọlé díẹ̀, ó há. Mo fa ọ̀bẹ, elégédé tẹ̀ lé e. Bí mo ṣe dúró sí àárín kíṣìnì nìyẹn, tí mo na elégédé sókè lórí ọ̀bẹ bí ẹni tó ń lọ sójú ogun. Bàbá àwọn ọmọ yọjú láti pálọ̀, ó wò mí, ó rọra padà sídìí bọ́ọ̀lù tó ń wò. Ọlọgbọ́n ọkùnrin.

Ọmọ yìí náà ló kó mi yọ. Ó ní ká gún un níhò káàkiri kó má baà bú, ká gbé e sínú máíkírówéèfù fún ìṣẹ́jú 3. Ó rọ̀ díẹ̀, mo là á láti orí dé ìdí, mo fi ṣíbí ha kóró inú rẹ̀, mo fi òróró àti iyọ̀ pa á lára, mo dojú rẹ̀ dé sórí páànù. Ó di inú ófùn, ní 400. Títí dòní Fahrenheit ṣì ń bà mí lẹ́rù. Mo rò pé irin la fẹ́ rọ.

Ìṣẹ́jú 40 kọjá, ó rọ̀. Mo ti ń wá ìborùn mi. Ọmọ ní, "A ò tíì ki nǹkan sínú rẹ̀ o."

Wild rice ló fẹ́ ká ki sí i. Ẹ má jẹ́ kí orúkọ tàn yín, kì í ṣe ẹ̀yà ìrẹsì tí a mọ̀ rárá; koríko inú omi ni, ó dúdú, ó gùn bí abẹ́rẹ́. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ gba wákàtí kan kó tó la ẹnu. Mo ti bẹ̀ ẹ́, mo ti bú u. A pò ó mọ́ sọ́séèjì, àlùbọ́sà, ewé sage, ẹ̀pà pecan àti cranberry gbígbẹ. Èso nínú oúnjẹ oníyọ̀! Ọwọ́ mi ń lọ síbi agolo ata fúnra rẹ̀, ọmọ gbá a padà. A rọ gbogbo rẹ̀ sínú elégédé, ó tún padà sínú ófùn fún ìṣẹ́jú 20.

Nígbà tí a débẹ̀, wọ́n gbé e sí igun tábìlì, lẹ́gbẹ̀ẹ́ bọ́tà. Àárín gbùngbùn ni tòlótòló jókòó sí, ó ń dán bí ọba. Gbogbo ilé ń yìn ín. Èmi náà yìn ín, mo wá bi ìyá yìí pé báwo ló ṣe sè é tó fi rí báyìí.

Ó ní òun kọ́? Sísè lòun rà á. Òun ò fẹ́ yọ ara òun lẹ́nu.