Pierre Boulle kọ́ ló kọ ìwé eré tó gba Oscar lé lórí

Títí di òní, ọ̀pọ̀ àwọn tó fẹ́ràn fíìmù ló gbà pé Pierre Boulle, òǹkọ̀wé ọmọ ilẹ̀ Faransé, ló fọwọ́ ara rẹ̀ sọ ìwé ìtàn rẹ̀ Le Pont de la rivière Kwaï (Afárá Odò Kwai), tó jáde ní 1952, di ìwé eré tí David Lean fi ṣe fíìmù ní 1957. Wọn kò jẹ̀bi, nítorí orúkọ rẹ̀ ni wọ́n kọ sójú fíìmù náà, òun náà sì ni wọ́n fún ní Oscar ìwé eré ní 1958. Síbẹ̀, ọ̀rọ̀ kò rí bẹ́ẹ̀. Èdè Faransé ni Boulle fi ń kọ̀wé, kò sì sí níbi ayẹyẹ náà pàápàá. Kim Novak, òṣèré, ló bá a gba ẹ̀bùn náà.

Carl Foreman àti Michael Wilson, ọmọ Amẹ́ríkà méjèèjì, ló ṣe iṣẹ́ náà. Ní 1951, ìgbìmọ̀ ilé aṣòfin Amẹ́ríkà tó ń wá àwọn Kọ́múníìsì kiri pè wọ́n wá dáhùn ìbéèrè, wọ́n sì kọ̀ láti tú àṣírí ẹgbẹ́ wọn. Láti ìgbà náà ni àwọn iléeṣẹ́ fíìmù Hollywood kò ti fẹ́ kí orúkọ wọn hàn nínú iṣẹ́ kankan, bó tilẹ̀ jẹ́ pé wọn kò kọ ọgbọ́n orí wọn. Ìwà ìrẹ́jẹ gbáà nìyẹn, mi ò sì rí ohun tí a lè fi wẹ̀ ẹ́ mọ́.

Ẹni tó bá ka ìwé náà yóò rí i pé ọwọ́ mìíràn ti kan ìtàn tó wà nínú fíìmù. Nínú ìwé Boulle, Ọ̀gágun Nicholson, ará Gẹ̀ẹ́sì tí àwọn Japan mú lẹ́rú, bá àwọn tó fẹ́ ba afárá náà jẹ́ jà títí tí afárá fi dúró. Ọkọ̀ ojú irin nìkan ló yẹ̀ kúrò lójú irin. Nínú fíìmù, Nicholson tó ti fara gbọgbẹ́ ṣubú lé ohun tí wọ́n fi ń tan àdó olóró, afárá àti ọkọ̀ sì jọ wó sínú odò.

Àwọn kan tún ń sọ pé Boulle fúnra rẹ̀ ṣe ẹlẹ́wọ̀n lọ́wọ́ àwọn Japan. Kò rí bẹ́ẹ̀. Oko rọ́bà ló ti ń ṣiṣẹ́ ní Málàyà kí Ogun Àgbáyé Kejì tó dé. Àwọn Faransé ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tó ń ṣe ti ìjọba Vichy, ìjọba Faransé tó bá Jámánì ṣe nígbà ogun náà, ló mú un, kó tó sá lọ ní 1944.

Ní 1984 ni Akádẹ́mì, àjọ tó ń fúnni ní Oscar, ṣẹ̀ṣẹ̀ gbà pé Foreman àti Wilson ló ni Oscar náà. Wilson ti kú láti 1978, Foreman sì kú lọ́dún 1984 yẹn gan-an. Ṣùgbọ́n ní 1968, nígbà tí wọ́n sọ La Planète des singes (Planet of the Apes), ìwé Boulle mìíràn, di fíìmù, Wilson wà lára àwọn tó kọ ìwé eré rẹ̀, lọ́tẹ̀ yìí orúkọ rẹ̀ hàn gbangba lójú fíìmù.