Ta ló ní dandan ni kí ìyàwó pín ẹ̀bùn níbi bridal shower?

Aago mọ́kànlá alẹ́ ti kọjá nígbà tí àbúrò mi obìnrin pè mí. Ó ku ọjọ́ mẹ́jọ kí wọ́n ṣe bridal shower rẹ̀, àríyá tí àwọn ọ̀rẹ́ ń ṣe fún ìyàwó kí ìgbéyàwó tó dé, ní Lẹ́kí, ó sì fẹ́ mọ̀ bóyá mo lè bá òun bẹ alájọ ìyá wa kó jẹ́ kí òun kó owó òun ṣáájú àsìkò. Mo rò pé owó ilé tí wọ́n fẹ́ gbà mọ́jú ni kò pé. Rárá o. Owó báàgì ẹ̀bùn ni. Àwọn méjìlá ló ń bọ̀, báàgì kọ̀ọ̀kan sì ń gbà tó ₦18,500: kọ́ọ̀bù tíì tí wọ́n tẹ orúkọ sí lára, bọ́nẹ́ẹ̀tì sátíìnì tí wọ́n fi ń sùn, àbẹ́là olóòórùn dídùn, ṣokoléètì. Ẹ bá mi ṣírò rẹ̀, ₦222,000 ni. Bẹ́ẹ̀, owó aṣọ ìgbéyàwó gan-an, kò tíì san án tán.

"Ṣé àwọn ọ̀rẹ́ rẹ ló ní kó o rà á?"

"Wọn ò sọ nǹkan kan o. Ṣùgbọ́n ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀yin náà ẹ wò ó, ṣé kí wọ́n wá yẹ́ mi sí tán, kí wọ́n máa relé lọ́wọ́ òfo? Wọ́n á ní ahun ni mí."

Ọ̀rọ̀ "wọ́n á ní ahun ni mí" yẹn ti kó ọ̀pọ̀ ọmọge sí gbèsè. Ohun tí wọ́n gbà gbọ́ níta báyìí ni pé ìyàwó tí kò bá pín ẹ̀bùn fún àwọn tó wá síbi bridal shower, tàbí bachelorette bí àwọn mìíràn ṣe ń pè é, kò mọ àṣà. Àṣà wo? Mo ti wò ó lọ́tùn-ún lósì, n kò rí i níbì kankan.

Mo mọ ibi tó ti wọ̀ wá lára, ṣá. Òde ni. Bí olóde bá pè ọ́, tó o ra aṣọ ẹbí, tó o wọ mọ́tò láti Ìkòròdú lọ sí Sùúrùlérè, tó o náwó fún un lójú agbo, á wá abọ́ tàbí táwẹ́ẹ̀lì tàbí agboòrùn kan há ọ lọ́wọ́ kó o tó lọ. Owó tó o ná ló ń dá ọ lóhùn. Ó mọ́gbọ́n dání. Àwọn olóde mìíràn tilẹ̀ wà tó jẹ́ pé ara aṣọ ni wọ́n á kọ́kọ́ wò: bí o kò bá wọ aṣọ ẹbí, souvenir á fò ọ́ dá. Nínú ilé ìdáná mi lónìí, abọ́ mẹ́rin ló ní àwòrán òkú tí n kò bá pàdé rí láyé, tí mo sì fi ń bu ọbẹ̀ lójoojúmọ́.

Ṣùgbọ́n ta ni olóde níbi bridal shower? Kì í ṣe ìyàwó. Àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló dá owó jọ, ₦40,000 lórí ẹnì kọ̀ọ̀kan nínú ti àbúrò mi. Àwọn ló gba ilé, àwọn ló so bàlúù mọ́ ògiri, àwọn ló ṣètò jọ̀lọ́ọ̀fù àti adìẹ. Ìyàwó kàn wọlé ni, wọ́n dé e ládé, wọ́n gbé ọ̀já "Bride to be" kọ́ ọ léjìká. Àlejò ni. Bí ẹnikẹ́ni bá máa pín nǹkan lọ́jọ́ náà, àwọn tó gbàlejò ló kàn, ìyẹn bó bá wù wọ́n. Àwọn tó ra aṣọ ẹbí sì máa gba souvenir tiwọn lọ́jọ́ ìgbéyàwó. Èwo tún ni ti ẹ̀ẹ̀mejì?

Àwọn kan á ní bí wọ́n ṣe ń ṣe é lókè òkun nìyẹn. Kì í ṣe dandan lọ́dọ̀ wọn náà. Orúkọ ọ̀hún gan-an ti sọ ọ́: òjò ni shower, òjò ẹ̀bùn tó ń rọ̀ lé ìyàwó lórí. Ní Amẹ́ríkà, wọ́n máa ń pa ìtàn ọmọbìnrin ilẹ̀ Holland kan tó fẹ́ fẹ́ tálákà tó ń lọ ọkà. Bàbá rẹ̀ kọ̀, kò fún un ní nǹkan kan gbé lọ sílé ọkọ, làwọn èèyàn bá ń kó ìkòkò, abọ́ àti aṣọ wá fún un. Bóyá ó ṣẹlẹ̀ bóyá kò ṣẹlẹ̀, ẹ ti rí ọ̀dọ̀ ẹni tí ẹ̀bùn gbà lọ. Bachelorette tiẹ̀ kéré lọ́jọ́ orí; àwọn ọdún 1980 ló tó gbilẹ̀ lọ́dọ̀ wọn, nígbà tí àwọn obìnrin ní bí ọkùnrin bá lè ṣe àríyá àpọ́n, àwọn náà á ṣe tiwọn. Níbẹ̀, àwọn ọ̀rẹ́ ló sábà máa ń pín owó oúnjẹ àti ọtí ìyàwó san láàárín ara wọn. Lóòótọ́, ìyàwó máa ń fún àwọn bridesmaid rẹ̀ lẹ́bùn, ṣùgbọ́n iṣẹ́ ọjọ́ ìgbéyàwó ni ẹ̀bùn yẹn wà fún.

Ẹ jẹ́ ká padà sílé, torí ibẹ̀ ló dùn mọ́ mi jù. Kí bàlúù tó dé, a ti ní ọjọ́ tí ọmọbìnrin fi ń dágbére fún ilé bàbá rẹ̀. Ẹkún ìyàwó ni wọ́n ń pè é ní Ọ̀yọ́, Ìsẹ́yìn àti Ògbómọ̀ṣọ́. Ní Òkukù, rárà ìyàwó ni. Ọmọge á wọ aṣọ tó dára jù, á to ìlẹ̀kẹ̀ sọ́rùn, á máa ti ojúlé bọ́ sí ojúlé, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ á tẹ̀lé e lẹ́yìn. Bó bá dé iwájú bàbá, á kúnlẹ̀, á gbé ohùn sókè, á ki oríkì ilé wọn, á dúpẹ́ ìtọ́jú, á ní kí wọ́n súre fún òun, kí ilé ọkọ san òun, kí òun má yàgàn. Ìyá á máa fi etí ìró nu ojú. Lẹ́yìn àdúrà ni owó á jáde, látinú àpò agbádá, látinú kókó tí wọ́n ta sí etí ìró. Ojúlé tó tẹ̀lé e, bákan náà. Ẹni tó ń lọ ni wọ́n ń dì ní ẹrù. N kò gbọ́ ọ rí pé ìyàwó gbé igbá kalẹ̀, ó ń pín ọṣẹ àti kànìnkànìn fún àwọn ẹgbẹ́ tó bá a káàkiri.

Ẹnì kan máa fi òwe bá mi jà: ẹni tí a ṣe lóore tí kò dúpẹ́, bí ọlọ́ṣà kóni lẹ́rù lọ ni. Òwe náà tọ̀nà. Ọpẹ́ ló ní ká dá, kò ní ká ra kọ́ọ̀bù. Àwa Yorùbá kúkú mọ ọpẹ́ í dá: a ó dúpẹ́ lójú ẹsẹ̀, ilẹ̀ á mọ́, a ó tún lọ sọ pé ẹ ṣé lánàá. Ìyàwó tó bá pe àwọn méjìlá náà lọ́kọ̀ọ̀kan lọ́jọ́ kejì, tó dárúkọ ohun tí kálukú ṣe, kò jẹ ẹnikẹ́ni ní gbèsè. Ti kí èèyàn ju "thank you all" kan ṣoṣo sórí WhatsApp, kó wá sùn, ìyẹn ni mo lè pè ní ahun.

Ibì kan wà tí mo ti máa gbà fún yín o. Bí ìyàwó bá fúnra rẹ̀ pe òde náà, tó mú ibi tó wù ú, tó yan àwọ̀ aṣọ, tó ní kí kálukú san iye báyìí, ó ti di olóde nìyẹn, kò lè máa pe ara rẹ̀ ní àlejò mọ́. Ẹni tó wọ bàálù láti Manchester wá nítorí rẹ̀ náà, ṣé kò ní wá nǹkan kékeré fún un ni? Ó dára bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n kí wọ́n má pè é ní dandan.

Àbúrò mi gbọ́ díẹ̀. Ó fi bọ́nẹ́ẹ̀tì, àbẹ́là àti ṣokoléètì sílẹ̀, kò sì bá wọn fọwọ́ kan àjọ mọ́. Kọ́ọ̀bù nìkan ni kò ṣeé dá padà, wọ́n ti tẹ̀ ẹ́ ní Ṣómólú. Méjèèjìlá dé, orúkọ rẹ̀ àti ti ọkọ rẹ̀ ń dán gbinrin lára wọn.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì shower, mo bá a lọ palẹ̀ ilé náà mọ́. Àwọn ọ̀rẹ́ ti lọ, bàlúù ti rọ. A rí kọ́ọ̀bù mẹ́ta nídìí síńkì, ẹnì kan ti da egungun adìẹ sínú ọ̀kan. Àbúrò mi wò ó, kò sọ̀rọ̀. Ó da egungun nù, ó fọ̀ wọ́n, ó fi aṣọ ìnura wé wọn, ó kó wọn sí báàgì rẹ̀. Nínú mọ́tò ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í pe àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ẹ ṣé lánàá, ẹ kú ìnáwó. Kí a tó dé Ojúẹlẹ́gba, ó ti pe méjèèjìlá tán. Kò sí ẹni tó bi í léèrè kọ́ọ̀bù.