Bí Ọmọ Ẹni Tí Wọ́n Tì Mọ́lé Bá Ń Sunkún, Ẹ Jẹ́ Kó Máa Ríran

Yorùbá ní bí a bá ń sunkún, à á máa ríran. Ilé ọ̀fọ̀ la ti sábà ń gbọ́ ọ, níbi tí ẹni tó ń sunkún ti gbọ́dọ̀ mọ ẹni tó ń wọlé àti ẹni tó ń jáde. Ó bá a mu gan-an fún ilé tí wọ́n ti wá mú bàbá tàbí ìyá lọ nítorí pé ó sọ òótọ́ fún ìjọba. Ọmọ inú ilé bẹ́ẹ̀ ní ẹkún láti sun. Iṣẹ́ àgbà ni kí ojú rẹ̀ má fọ́ sínú ẹkún náà.

Ọ̀rọ̀ yìí kò ṣàjèjì sí Èkìtì. Femi Falana, lọ́yà ajàfẹ́tọ̀ọ́ ọmọnìyàn, ọmọ Ìlawẹ̀-Èkìtì, wà lára àwọn tí ìjọba ológun kó lọ sí ẹ̀wọ̀n Kuje ní 1992, òun pẹ̀lú Gani Fawehinmi àti Beko Ransome-Kuti. Ọmọ rẹ̀ Folarin, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Falz, kò tíì pé ọmọ ọdún méjì nígbà náà. Ní oṣù kẹwàá 2020, òun náà ló wà níwájú àwọn ọ̀dọ́ tó ń wọ́de tako SARS, ẹ̀ka ọlọ́pàá kan, l'Ékòó. Hafsat, ọmọ MKO Abiola, ńkọ́? Wọ́n ti bàbá rẹ̀ mọ́lé ní 1994, wọ́n yìnbọn pa ìyá rẹ̀ ní 1996, bàbá sì kú sí àtìmọ́lé ní 1998. Ó dá ẹgbẹ́ KIND sílẹ̀ lórúkọ ìyá rẹ̀, Kudirat, láti máa ti àwọn obìnrin lẹ́yìn. Àwọn èèyàn á ní ẹni bíni là á jọ. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ẹ̀jẹ̀ nìkan kò tó. Ọ̀pọ̀ ọmọ ni irú ìṣẹ̀lẹ̀ yìí ti bà láyé jẹ́, tó jẹ́ pé ohun tí àwọn àgbà ṣe àti ohun tí wọn kò ṣe lọ́sẹ̀ àkọ́kọ́ ló fà á.

Ní ọjọ́ tí wọ́n bá mú bàbá tàbí ìyá, kí ariwo tó gba ilé kan, kí ẹnì kan jókòó kọ ọ́ sílẹ̀: aago mélòó ni wọ́n dé, aṣọ wo ni wọ́n wọ̀, kí ni nọ́ńbà ọkọ̀ wọn, ibo ni wọ́n ní àwọn ń gbé e lọ, ta ló wà níbẹ̀ tó rí i. Tó bá di ọjọ́ kẹta, ohun tí ẹ rí á ti dàpọ̀ mọ́ ohun tí aládùúgbò sọ, lọ́yà kò sì ní mọ èyí tó lè gbé ẹsẹ̀ lé. Kí èèyàn méjì nínú ẹbí lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá, kí lọ́yà bá wọn lọ bó bá ṣeé ṣe. Ẹ mú orúkọ oògùn tó ń lò àti bó ṣe ń lò ó dání. Bí wọ́n bá ní kò sí lọ́dọ̀ àwọn, ẹ kọ ìdáhùn yẹn náà sílẹ̀, ẹ wá fi lẹ́tà béèrè rẹ̀, ẹ̀dà méjì: ẹ fi ọ̀kan sílẹ̀, kí wọ́n lu òǹtẹ̀ sí èkejì fún yín.

Abala 35 nínú Ìwé Òfin 1999 sọ pé kí ẹni tí wọ́n mú dé ilé ẹjọ́ láàárín ọjọ́ kan bí ilé ẹjọ́ bá wà láàárín kìlómítà 40. Bó bá jìnnà jù bẹ́ẹ̀ lọ, ọjọ́ méjì, àfi bí adájọ́ bá rí ìdí láti fi kún un. Ní Èkìtì, ilé ẹjọ́ wà l'Ádó, ó wà n'Íkẹ́rẹ́, n'Íjerò àti n'Íkọ̀lé, nítorí náà kí ẹnikẹ́ni má sọ fún yín pé ọ̀nà ló jìn. Bí wọ́n bá tẹ òfin yìí lójú, ẹbí, ọ̀rẹ́ tàbí ẹgbẹ́ lè pe ẹjọ́ fún un lábẹ́ ìlànà ìgbèjà ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn ti 2009. Ìlànà náà kò gbà kí ẹnikẹ́ni fi pípẹ́ ọ̀ràn dí irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́. Iyán ogún ọdún ṣì lè jóni lọ́wọ́. Ẹni tí kò lówó lọ́yà, kó lọ sí Legal Aid Council, àjọ ìjọba tó ń fún aláìní ní lọ́yà lọ́fẹ̀ẹ́. Òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn ti 2015, ní abala 7, sì ka mímú ẹnì kan dípò ẹlòmíràn léèwọ̀. Ìyá tí wọ́n bá sọ fún pé kó wá jókòó sí àgọ́ títí ọkọ rẹ̀ á fi yọjú, kó má lọ láìsí lọ́yà.

Ẹ jẹ́ ká wá bọ̀ sórí ọmọ, torí ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ilé ti ń ṣìnà. Irọ́ tó wọ́pọ̀ jù ni "Bàbá rìnrìn àjò." Nígbà ìsinmi oúnjẹ nílé ìwé, ọmọ ẹlòmíràn á ti sọ fún un pé ẹ̀wọ̀n ni bàbá rẹ̀ wà. Ìbànújẹ́ á wá di méjì: wọ́n mú bàbá, ìyá sì purọ́. Ẹ lè sọ fún ọmọ ọdún márùn-ún pé: "Ọlọ́pàá mú bàbá. Kò jalè, kò lu ẹnikẹ́ni. Ó sọ ohun tí ìjọba kò fẹ́ gbọ́. À ń wá bó ṣe máa padà wálé. Ìwọ kọ́ lo fà á." Gbólóhùn tó gbẹ̀yìn yẹn ni kí ẹ má gbàgbé. Ọmọ kékeré a máa rò pé ìwà òun ló lé bàbá lọ, kò sì ní sọ ọ́ síta. Ọmọ ọdún mẹ́wàá lè béèrè ohun tí ẹ kọ sílẹ̀, ẹ fi hàn án. Ọmọ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún lè tẹ̀ lé yín dé ilé ẹjọ́. Ẹ má dá ọjọ́ fún ọmọ. Bí ẹ bá ní "Friday" tí Friday sì kọjá, kò ní gba èyí tí ẹ bá tún sọ gbọ́.

Ẹ sọ fún ọ̀gá ilé ìwé àti tíṣà kíláàsì rẹ̀, ó tó bẹ́ẹ̀. Bó bá wà ní SS3, ẹ tètè wádìí owó WAEC àti NECO, nítorí ọjọ́ ìforúkọsílẹ̀ kì í dúró de ẹni tó wà látìmọ́lé. Bó bá jẹ́ pé orúkọ bàbá nìkan ló wà lórí àkáǹtì báńkì, kí lọ́yà gbé ìwé aṣojú lọ bá a kó fọwọ́ sí i, kí ìyá lè máa fi tọ́jú ilé.

Lẹ́tà ni okùn tó so ọmọ mọ́ òbí. Kí àwọn méjèèjì máa kọ ọjọ́ àti nọ́ńbà sí orí lẹ́tà kọ̀ọ̀kan, 1, 2, 3. Bí nọ́ńbà 4 bá dé lẹ́yìn 2, ọmọ á mọ̀ pé bàbá kò dákẹ́, ọ̀nà ni 3 há sí. Ẹ ya fọ́tò gbogbo wọn, kí ẹ̀dà kan wà lọ́wọ́ lọ́yà, kí òmíràn wà lọ́dọ̀ ẹbí ní ìlú mìíràn. Wọ́n lè padà wá tú ilé.

Wàyí o, àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Ẹ má ti ọmọdé síwájú kámẹ́rà kí ẹkún rẹ̀ lè ká ìlú lára. Zindzi Mandela kò tíì pé ọmọ ọdún méjì nígbà tí wọ́n mú bàbá rẹ̀ ní 1962. Ó ti di ọmọ ọdún 24 kó tó dúró ní Soweto, ní ọjọ́ 10 oṣù kejì 1985, tó ka lẹ́tà tí bàbá rẹ̀ fi kọ ìtúsílẹ̀ tí Botha, ààrẹ South Africa nígbà náà, fi àdéhùn dè. Jewher Ilham jẹ́ ọmọ ọdún 18 nígbà tí wọ́n dá bàbá rẹ̀, Ilham Tohti, ọ̀mọ̀wé ẹ̀yà Uyghur ní China, dúró ní pápákọ̀ òfurufú Beijing ní 2013, tí òun nìkan sì gbéra lọ sí Amẹ́ríkà. Lọ́dún kejì, wọ́n dá bàbá lẹ́wọ̀n gbére. Jewher ló gba ẹ̀bùn Sakharov, ẹ̀bùn ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn ti ilé aṣòfin Yúróòpù, lórúkọ bàbá rẹ̀ ní 2019. Òótọ́ ni pé ọmọ ọdún 17 ni Kiana àti Ali Rahmani nígbà tí wọ́n gba ẹ̀bùn Nobel fún ìyá wọn, Narges Mohammadi, ajàfẹ́tọ̀ọ́ tó wà lẹ́wọ̀n ní Iran nígbà náà, ní Oslo ní 2023, ṣùgbọ́n bàbá wọn wà pẹ̀lú wọn, ọ̀rọ̀ ìyá wọn fúnra rẹ̀ ni wọ́n sì kà.

Ọmọ tó bá ti dàgbà tó, tó sì wù ú láti sọ̀rọ̀, ẹ kọ́ ọ kó kọ ọ́ sí ojú ìwé kan péré: orúkọ, ọjọ́ tí wọ́n mú un, ibi tó wà, òfin tí wọ́n rú, ohun tí a ń béèrè. Kó má bù mọ́ ọn. Bí wọ́n bá lu bàbá lẹ́ẹ̀kan, kó má pè é ní ẹ̀ẹ̀mẹ́wàá, torí irọ́ kan péré ni ìjọba ń wá láti fi pa òtítọ́ mẹ́sàn-án rẹ́. Nígbà tó bá yá, kó béèrè lọ́wọ́ bàbá: "Àwọn wo lẹ jọ wà níbẹ̀? Ta ni kò ní lọ́yà? Ta ni ẹbí rẹ̀ kò mọ ibi tó wà?" Ọjọ́ tó bá mú orúkọ ẹlòmíràn tọ lọ́yà lọ ni ìjà ẹ̀tọ́ di tirẹ̀. Títí di ìgbà náà, bàbá rẹ̀ ló ń wá, kò sì sí àbùkù níbẹ̀.

Àwọn kan kò ní fẹ́ ẹ rárá. Ọmọ lè ní iṣẹ́ télọ̀ lòun fẹ́ kọ́, tàbí pé òun kò fẹ́ gbọ́ orúkọ ìjọba mọ́. Ẹ má sọ fún un pé ó já bàbá rẹ̀ kulẹ̀. Ẹ gba fáìlì ọ̀ràn bàbá lọ́wọ́ rẹ̀, kí àbúrò bàbá tàbí ẹlòmíràn nínú ẹbí máa bá a lọ, kí ọmọ sì lọ bá ọ̀gá télọ̀ rẹ̀ láàárọ̀ Monday.