Rìsíìtì tó ti parẹ́ ńkọ́?

Oníròyìn kan kọ̀wé lórí bí ẹni tí mọ́tò bá kọlù ṣe lè gba owó tó ná padà ní kóòtù, ó ní kó ṣáà ti "kó rìsíìtì ọsibítù rẹ̀ sílẹ̀". Ó rọrùn lẹ́nu! Lọ́dún 2018, dánfó gbá ẹ̀gbọ́n mi lórí ọ̀kadà ní Ọ̀jọ́ọ̀, eegun itan rẹ̀ kán. Ọsibítù fún wa ní rìsíìtì owó ibùsùn àti X-ray, ṣùgbọ́n abẹ́rẹ́ àti báńdéèjì tí nọ́ọ̀sì ní ká lọ rà níta ńkọ́? Oníkẹ́mísìtì kọ tiẹ̀ sẹ́yìn páálí oògùn, kò sí orúkọ, kò sí déètì. Rìsíìtì POS tí mo fi há inú Bíbélì ti funfun báláú kí lọ́yà tó bèèrè rẹ̀.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń sọ pé adájọ́ á fojú àánú wo ẹni tí kò ní rìsíìtì, ẹ jọ̀ọ́, owó ìrora, ìyẹn owó gbà-má-bínú fún ìyà tó jẹ ẹni náà, ló lè fojú díwọ̀n. Owó tẹ́ ẹ bá ní ẹ ná, ẹ̀rí ló ń bèèrè, ní kọ́bọ̀ kọ́bọ̀. Ohun tó tún yà mí lẹ́nu ni pé bàbá tó ń to eegun, tí kò kọ rìsíìtì rí láyé ẹ̀, ló wá sí kóòtù fúnra rẹ̀, tó ka iye tó gbà lọ́wọ́ wa lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Wọ́n gba tiẹ̀. Ti oníkẹ́mísìtì wọgbó.