Aṣọ láìsí ikùn nínú ẹ̀

Iṣẹ́ télọ̀ ni mò ń ṣe ní Akúrẹ́. Láti àárọ̀ dalẹ́, ọ̀rọ̀ kan náà ni àwọn oníbàárà ń bá mi sọ: "Ẹ bá mi pa ikùn yìí mọ́." Tìtorí ikùn la ṣe ń ki bónìn, ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ tó le, bọ kọ́sẹ́ẹ̀tì aṣọ ẹbí, tí ìyàwó ò fi ní lè jẹun lọ́jọ́ ìgbéyàwó ara ẹ̀.

Ìyẹn ló jẹ́ kí ọ̀rọ̀ Leigh Bowery wọ̀ mí lára. Ọmọ Ọsirélíà tó dé Lọ́ńdọ̀nù lọ́dún 1980, tó ń fi aṣọ àti ara ẹ̀ ṣeré fún aráyé, ọkùnrin tó ń fẹ́ ọkùnrin, ó ga, ó sanra, kò sì pa nǹkan kan mọ́. Tépù ló fi ń fún ẹran àyà ẹ̀ jọ títí yóò fi yọ bí ọmú, á wá rán aṣọ yí i ká. Òru niṣẹ́ ẹ̀, ní ilé ijó Taboo tó dá sílẹ̀ lọ́dún 1985. Lọ́dún 1988, ó dá wà nínú gálẹ́rì kan fún ọjọ́ mélòó kan: gíláàsì ni lójú àwọn òǹwòran, dígí ni lọ́dọ̀ tiẹ̀. Wọ́n ń wò ó, òun ń wo ara ẹ̀.

Ọmọṣẹ́ mi rí fọ́tò ẹ̀ lórí fóònù mi. "Ọ̀gá, ṣé orí ẹni yìí pé?" Mo ní kó wo ojú rírán. Ó fi ìka méjì fa fọ́tò náà tóbi, kò sọ̀rọ̀ mọ́.

Ará Akúrẹ́ wo ni kò mọ ohun tí aṣọ lè ṣe? Nígbà tí Déjì wàjà ní 2013, ọmọ ẹ̀ obìnrin di Adelé, ó dé adé, ó múra bí ọkùnrin, à ń kí i ní Kábíyèsí. (Mi ò ní ọ̀kan náà ni wọ́n o. Ẹ má wá bá mi jà.)

Éèdì pa Bowery lọ́jọ́ tó gbẹ̀yìn ọdún 1994, ẹni ọdún 33. Ní 2025, Tate Modern, mùsíọ́mù kan ní Lọ́ńdọ̀nù, kó aṣọ ẹ̀ síta fún aráyé. Ó dáa, ṣùgbọ́n agọ̀ tí wọ́n fi kọ́ ara ògiri kì í ṣe egúngún. Bowery níṣẹ́ kan tó máa ń ṣe lórí ìtàgé: á so Nicola, ìyàwó ẹ̀, mọ́ ikùn lábẹ́ aṣọ, lódì, orí nísàlẹ̀, kò sẹ́ni tó máa fura. Á jó, á kọrin, á dùbúlẹ̀, á rọbí, obìnrin odindi á já jáde. Èwo nínú àwọn ère inú mùsíọ́mù ló fẹ́ bá a bí ìyẹn?